Àwa Tí Wọ́n Ní Ká Lọ Dúró Sídìí Ògiri

Nígbà ọyẹ́ èṣí ni ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀, ní ìlú Enugu, nínú ọgbà gbọ̀ngàn ẹgbẹ́ àwa ọmọ Yorùbá tó wà ní Uwani. Kò tíì pẹ́ rárá, síbẹ̀ mo ti ń gbọ́ ọ ní oríṣiríṣi ọ̀nà tí kò bá ohun tí mo rí mu. Àwọn kan ní ìjà ni. Àwọn kan ní àwọn ọ̀dọ́ kan ló mutí yó, tí wọ́n wá da ìdìbò rú. Nítorí náà ni mo ṣe ń kọ ọ́ sílẹ̀ fún ẹ̀yin àgùnbánirọ̀ tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dé, torí wọ́n á pe ẹ̀yin náà sí ìpàdé nínú ọgbà kan náà. Mi ò fi bẹ́ẹ̀ dàgbà jù yín lọ. Ohun tí mo fojú ara mi rí ni mo máa kọ. Èyí tí wọ́n bá sọ fún mi, mo máa sọ pé wọ́n sọ ọ́ fún mi ni.

Ìṣirò ni mo kà ní yunifásítì. Mo wá sin ilẹ̀ bàbá mi ní Enugu, mo parí rẹ̀, mi ò rí iṣẹ́, mi ò sì padà sílé. Kọ́pà ni wọ́n ṣì ń pè mí. Èèyàn tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀ ni mí. Àárò ẹni tó máa kí mi ní èdè mi ló gbé mi dé ìpàdé ẹgbẹ́, ibẹ̀ ni mo sì ti mọ Màmá Àjọkẹ́.

Òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ ni Màmá Àjọkẹ́, obìnrin kúkúrú kan tó máa ń fi okùn bàtà so awò ojú rẹ̀ kọ́rùn. Télọ̀ ni bàbá rẹ̀, Ọ̀fà ló ti wá. Ọmọ Ngwo ni ìyá rẹ̀, lára àwọn tó ni ilẹ̀ tí a tẹ apá kan Enugu dó sí. Enugu ni wọ́n bí Màmá sí, ibẹ̀ ló dàgbà sí, ibẹ̀ ló sì ti ń darúgbó lọ. Yorùbá tó fi ń kọ̀wé, ẹnu àwọn oníṣòwò tó máa ń wá rán aṣọ ní ìsọ̀ bàbá rẹ̀ ló ti gbọ́ ọ. Àwọn tó ń ka ìwé rẹ̀ ní ìhà ọ̀dọ̀ wa máa ń sọ pé Yorùbá rẹ̀ ń rùn bí Enugu. Àwọn ará Enugu náà sì ń pè é ní àlejò. Nígbà tí mo bi í bóyá ó ń dùn ún, ó rẹ́rìn-ín.

“Kọ́pà, ìgbà tí òjò bá dé ni èèyàn ń mọ ilé tó jẹ́ tòun. Òjò ò tíì rọ̀.”

Ní àárọ̀ Sátidé, ó máa ń kọ́ àwọn ọmọ wa ní yàrá kékeré tó wà lẹ́yìn gbọ̀ngàn. Ọ̀pọ̀ nínú wọn, Gẹ̀ẹ́sì àti Píjìn ló yọ̀ mọ́ wọn lẹ́nu ju Yorùbá lọ. Màmá kì í bú wọn. Iṣẹ́ kan náà ló fi ń bẹ̀rẹ̀: “Kọ ohun kan tí o rí lójú ọ̀nà bí o ṣe ń bọ̀.” Lọ́jọ́ kan, ọmọbìnrin kan kọ ọ́ pé òun rí ewúrẹ́ tó jókòó sínú kẹ̀kẹ́, tó sì dé fìlà. Àwọn yòókù pariwo pé irọ́ ni.

“Ṣé ẹ wà níbẹ̀?” ni Màmá bi wọ́n. “Ẹni tó wà níbẹ̀ ló ń sọ̀rọ̀. Tó bá jẹ́ pé ẹ rí i tí kò dé fìlà, ẹ kọ tiyín.”

Mo rò pé ó kàn ń bá ọmọdé ṣeré ni. Nígbà tó yá ni mo mọ̀ pé ohun tó gbà gbọ́ nípa iṣẹ́ rẹ̀ nìyẹn. Àwọn kan nínú ẹgbẹ́ fẹ́ kó máa gbẹnu sọ fún Yorùbá nínú ìwé rẹ̀. Kò gbà. Ó ní agbẹnusọ, ẹni tó rán an níṣẹ́ ló ń sọ̀rọ̀ fún. “Ẹlẹ́rìí ni òǹkọ̀wé. Ẹlẹ́rìí lè jẹ́ ẹbí ẹlẹ́jọ́, kò sóhun tó burú níbẹ̀. Ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ tìtorí ẹbí yí ohun tó rí padà.”

Ó kó àwọn ọmọ náà lọ sí Iva Valley nígbà kan, níbi tí àwọn ọlọ́pàá ìjọba amúnisìn ti yìnbọn pa àwọn awakùsà èédú lọ́dún 1949. Mo bá wọn lọ. Ó sọ ìtàn náà fún wọn ní ìdúró, kò fà á gùn, kò sì ké. Ọmọ kan béèrè pé, “Màmá, ṣé Yorùbá wà lára àwọn tó kú?”

“Mi ò mọ̀. Mi ò sì ní parọ́ fún ẹ kí ọkàn ẹ lè fà mọ́ wọn. Ṣé dìgbà tí wọ́n bá jẹ́ Yorùbá ni ikú wọn á tó dùn ẹ́?”

Bí a ṣe ń padà bọ̀, ó ní òyìnbó amúnisìn ló kọ́ wa ká máa tú èèyàn wò bí ẹrù, ká máa tò wọ́n sí ìsọ̀rí ìsọ̀rí: èyí ọmọ ibí, èyí àlejò, èyí máa gbé ìhà ọ̀hún. Mi ò gba gbogbo rẹ̀ wọlé. Mo ní, “Màmá, kí òyìnbó tó dé la ti ní onílẹ̀ àti àlejò. Wọn ò kọ́ wa.”

“Òótọ́ lo sọ. Ṣùgbọ́n àlejò ayé ìgbà yẹn, bó bá pẹ́ láàárín yín, tó fẹ́ ọmọ yín, tó sin òkú rẹ̀ síbẹ̀, ọmọ-ọmọ rẹ̀ lè di onílé. Àlejò inú ìwé kì í di onílé láé. Òyìnbó ti ilẹ̀kùn, ó kó kọ́kọ́rọ́ fún wa, ó bá tirẹ̀ lọ. Ta wá ló ń ti ilẹ̀kùn báyìí?”



Alága ẹgbẹ́ wa nígbà náà, òun náà ni alága títí di òní, ni Alhaji Làmídì, ọmọ Ìsẹ́yìn tó ń ta abọ́ oníke ní Ọjà Kenyatta. Mi ò ní bà á lórúkọ jẹ́ ju ohun tí mo rí lọ. Nígbà tí ibà dá mi dùbúlẹ̀, òun ló rán ọmọ rẹ̀ obìnrin, Rìyánátù tó jẹ́ nọ́ọ̀sì, pé kó máa gbé oúnjẹ wá fún mi. Ṣùgbọ́n yàrá ẹ̀yìn gbọ̀ngàn wọ Alhaji lójú. Ó fẹ́ kí òun àti àwọn oníṣòwò ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ máa kẹ́rù síbẹ̀. Ó ní àwọn ọmọdé ò lò ó ju àárọ̀ Sátidé lọ, pé yàrá ò gbọdọ̀ máa sùn. Nígbà tí ìdìbò sún mọ́lé, Màmá ní òun náà á du ipò alága, kí yàrá àwọn ọmọ má bàa lọ. Kò fi ìdí yẹn pamọ́ fún ẹnikẹ́ni.

Ìdìbò tiwa kì í ṣe ti bébà. Àwọn tó ń dupò á dúró nínú ọgbà, olúkúlùkù á tò sẹ́yìn ẹni tó wù ú, wọ́n á sì ka ìlà kọ̀ọ̀kan ní gbangba. Àwọn àgbà ní bí wọ́n ṣe bá a nìyẹn, pé níbi tí gbogbo ojú bá wà, kò síbi tí olè máa gbà. Èmi náà gbà wọ́n gbọ́.

Ní ìpàdé tó ṣáájú ìdìbò, Alhaji dìde. Ó ní ìgbìmọ̀ ti pinnu pé ẹni tó bá fẹ́ dupò, àti ẹni tó bá fẹ́ tò, kí ó mú ìwé ẹ̀rí ìlú wá, èyí tí ìjọba ìbílẹ̀ fi ń jẹ́rìí pé ọmọ ìlú báyìí ni èèyàn.

“Ẹgbẹ́ ọmọ Yorùbá la jẹ́,” ni ó wí. “Ilé là á wò ká tó sọmọ lórúkọ.”

Nùrú nawọ́. Iṣẹ́ fíríìjì ló ń ṣe ní Artisan Market. Bàbá bàbá rẹ̀ ló wá láti Ṣakí. “Alhaji, ẹ jọ̀ọ́ sà. Wọ́n bí bàbá mi síbí, wọ́n bí èmi náà síbí. Àwọn ará ibí ní èmi kì í ṣe ọmọ ibí. Tí mo bá dé Ṣakí, wọ́n á bi mí pé ta ni mí. Ta ló wá ni mí báyìí?”

“Fíríìjì ló ni ẹ́,” ni Alhaji dáhùn. Gbọ̀ngàn bú sẹ́rìn-ín. Nùrú náà rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n kò jókòó.

Màmá ní kí wọ́n tún ọ̀rọ̀ náà rò. Alhaji mi orí. “Màmá, odò tó bá gbàgbé orísun rẹ̀, gbígbẹ ló máa gbẹ.”

“Alhaji, odò kì í gbàwé lọ́wọ́ orísun kó tó ṣàn.”

Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún un, wọ́n sì fi òfin náà sílẹ̀ bó ṣe wà.

Mo lọ bá Màmá nílé lẹ́yìn ìpàdé náà. Èmi ni mo sọ fún un pé kó lọ gba ìwé ọ̀hún. Mo ti ro ó síwá sẹ́yìn: àwọn tó fẹ́ràn rẹ̀ pọ̀, ọ̀pọ̀ nínú wọn ló ní ìwé, bí òun náà bá ti ní in, kò sí bí Alhaji ṣe máa borí. Mo mọ ẹnìkan ní Ọ̀fà tó lè bá a ṣe é kíákíá.

“Ẹ gbà á, Màmá. Bébà lásán ni. Ẹ gbà á, ẹ wọlé, ẹ wá fagi lé òfin náà nígbà tẹ́ ẹ bá wà ńbẹ̀.”

“Báwo ni wọ́n ṣe fún ọ ní tìrẹ?”

Mo sọ òótọ́ fún un. Ìbàdàn ni wọ́n bí mi sí, ṣùgbọ́n ìwé mi ní ọmọ Ìgbẹ́tì ni mí. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni mo dé Ìgbẹ́tì, nígbà tí a lọ sìnkú bàbá mi àgbà. Ẹni tó fọwọ́ sí ìwé náà kò gbójú sókè wò mí.

“Ṣé o rí i? Ìwọ tó dé lánàá, tó ṣeé ṣe kí o lọ lọ́la, ìwọ ni ọmọ ilé. Èmi tí mo sin bàbá àti ìyá mi síbí, èmi ni àlejò. Ó dáa, jẹ́ kí n gba ìwé. Ta ló máa gba ti Nùrú? Á jẹ́ pé mo kàn gba ẹnu ọ̀nà kọjá, mo sì fi ẹ̀yìn ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn ni. Ìwé kí ni mo tún fẹ́ jókòó kọ lẹ́yìn ìyẹn?”

“Àwọn ọmọ ńkọ́, Màmá? Yàrá wọn ńkọ́?”

Ó yọ awò ojú rẹ̀, ó fi etí ìró nù ún, ó sì pẹ́ lórí rẹ̀.

Ọ̀sán Sọ́ńdè ni ìdìbò bọ́ sí, lẹ́yìn tí àwọn oníṣọ́ọ̀ṣì ti dé, tí àwọn Mùsùlùmí sì ti kírun tán. Eruku ọyẹ́ bo gbogbo ọgbà. Alhaji dúró sábẹ́ igi máńgòrò, Màmá dúró nínú oòrùn. A bẹ̀rẹ̀ sí í tò. Kò pẹ́ tí ẹni tó bá lójú fi rí ibi tí ọ̀rọ̀ ń lọ. Nùrú wà lẹ́yìn mi nínú ìlà Màmá. “Kọ́pà, rọra máa mí o. Ìlà wa ti fẹ́ jáde ní géètì.”

Olùdarí ìdìbò jẹ́ olùkọ́ àgbà kan tó ti fẹ̀yìn tì. Kò ka ìlà kankan. Ọ̀dọ̀ Màmá ló kọ́kọ́ lọ.

“Màmá, ìwé yín dà?”

“Mi ò ní ìwé, ọ̀gá tíṣà. Ọmọ télọ̀ ni mí. Aṣọ tí ẹ wọ̀ lọ́jọ́ ìgbéyàwó yín, bàbá mi ló rán an. Èmi ni mo fi bọ́tìnì sí i.”

Ọkùnrin náà wolẹ̀. “Ẹ má bínú, Màmá. Iṣẹ́ tí wọ́n rán mi ni mò ń jẹ́. Ẹ lọ dúró sídìí ògiri.”

Ó lọ. Obìnrin tó kọ́ ọmọ wọn ní ABD, wọ́n tì í sídìí ògiri bí ọmọ iléèwé tó pẹ́ dé. Lẹ́yìn rẹ̀, ọkùnrin náà ń tẹ̀ lé ìlà wa bọ̀: ìwọ, ìwé rẹ dà? Ògiri. Ìwọ náà? Ògiri. Nùrú lọ. Gbogbo àwọn tí wọ́n bí sí Enugu lọ, pẹ̀lú ìyá arúgbó kan tí ẹnikẹ́ni kò rántí ìgbà tí kò sí nínú ẹgbẹ́. Wọ́n ní kí àwa tó kù wá ẹlòmíràn tò sí lẹ́yìn, bẹ́ẹ̀ ẹlòmíràn kan ṣoṣo ló kù nínú ọgbà náà.

Ó wá kan ìlà Alhaji. Àárín ìlà náà ni wọ́n ti bá Rìyánátù, ọmọ Alhaji fúnra rẹ̀.

“Ìwé rẹ dà?”

“Mi ò ní, sà.” Enugu ni wọ́n bí i sí, gẹ́gẹ́ bí àwọn tó wà sídìí ògiri.

Alhaji kígbe látabẹ́ igi máńgòrò pé, “Kí ni ẹ̀ ń bi í? Ọmọ mi ni! Ṣé ẹ ò mọ ọmọ mi ni?”

“Àwa náà ní bàbá o!” Nùrú ló pariwo bẹ́ẹ̀ láti ìdí ògiri. Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín, àmọ́ ẹ̀rín náà kò dùn ún gbọ́.

Olùdarí ìdìbò fo Rìyánátù kọjá. Rìyánátù tẹrí ba, kò kúrò níbi tó dúró sí. Mi ò lè dá a lẹ́bi tán, bàbá rẹ̀ ló wà níwájú. Ṣùgbọ́n ìgbà yẹn gan-an ni inú bí mi. Títí di ìgbà náà, mo ti ń sọ fún ara mi pé òfin ni òfin, bó tilẹ̀ jẹ́ òfin burúkú. Mo wá rí i pé kì í ṣe òfin. Ọ̀pá ni. Ẹni tó mú un lọ́wọ́ mọ ẹni tó fẹ́ fi nà.

Mo nawọ́. “Ẹ̀yin bàbá, ìbéèrè kan ni mo ní. Bí Alhaji bá lè fi ẹnu lásán jẹ́rìí ọmọ rẹ̀, kí ló dé tí gbogbo wa ò lè fi ẹnu jẹ́rìí Màmá?”

“Kọ́pà, ta ló pè ọ́ sí i?” ni Alhaji wí. “Ìwé rẹ pé. Dúró jẹ́jẹ́, ìlú rẹ ò kọ̀ ọ́.”

“Ìlú wo, Alhaji? Ìgbẹ́tì tí mi ò mọ̀nà rẹ̀?”

“Ẹ ò rí àwọn ọmọ òde òní! Wọ́n kàwé, wọn ò gbọ́n. Ọmọ tí mo fún lóúnjẹ nígbà àìsàn!”

Ìyẹn dùn mí, torí òótọ́ ni. Mo ká ìwé mi, mo fi sápò, mo lọ dúró sídìí ògiri. Mi ò wẹ̀yìn wò. Ariwo bàtà ni mo gbọ́. Àwọn àgùnbánirọ̀ tó wà láàárín wa ń bọ̀, lẹ́yìn náà àwọn tó kù nínú ìlà Màmá, àwọn tó ní ìwé lọ́wọ́, olúkúlùkù wọn. Ìlà náà gba ìdí ògiri lọ, ó yí igun gbọ̀ngàn, ó dé ẹnu géètì.

Wọ́n ní àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Àgbà wà lọ́jà lọ́jọ́ yẹn. Orí àga ni wọ́n wà, wọ́n ń mu mínírà. Àwọn kan nínú wọn jẹ́ ẹni tó ti gboyè ní yunifásítì kí wọ́n tó bí mi. Kò sí ẹni tó la ẹnu. Olùdarí ìdìbò ka ìlà Alhaji sókè ketekete, ó kéde pé ó wọlé, wọ́n pàtẹ́wọ́. Tiwa, kò wò ó.

Kó tó di Sátidé tó tẹ̀ lé e, wọ́n ti kó ìwé àwọn ọmọ jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Eruku ti bò wọ́n. Abọ́ oníke ló kún yàrá náà dé òrùlé. Nùrú gbé kẹ̀kẹ́ wá, ó kó àwọn ìwé náà lọ sí ìsọ̀ rẹ̀, ó tò wọ́n sínú fíríìjì ńlá kan tí ẹ̀rọ rẹ̀ ti kú. “Òjò ò lè wọbẹ̀, eku ò lè wọbẹ̀,” ni ó wí. “Kò lè mú nǹkan tutù mọ́, ṣùgbọ́n ó ṣì ń tì.” Abẹ́ àtíbàbà rẹ̀ ni Màmá ti ń kọ́ àwọn ọmọ báyìí, láàárín òòlù àti ìró ẹ̀rọ. Àwọn òbí kan kò jẹ́ kí ọmọ wọn wá mọ́, wọ́n ní ibẹ̀ kì í ṣe ibi tó yẹ ọmọ. Mi ò lè sọ pé wọ́n parọ́. Rìyánátù ń mú ọmọ tirẹ̀ wá. Ìta ló máa ń dúró sí títí wọ́n á fi parí. Màmá máa ń kí i bó ṣe ń kí i tẹ́lẹ̀.

Ẹ bi mí, kí la jèrè, kí la pàdánù? Láti ọjọ́ náà, mi ò tíì gbọ́ kí wọ́n béèrè ìwé lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni nínú ìpàdé. Ojú ń tì wọ́n, mo rò bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n wọn ò fagi lé òfin náà, ọjọ́ tó bá wù wọ́n ni wọ́n lè tún fà á yọ. Yàrá ti lọ. Nípa ohun tí mo sọ fún Màmá nílé rẹ̀, mo ti gbé e yẹ̀ wò láìmọye ìgbà: ká ní ó gba ìwé yẹn ni, mo gbà pé ó máa wọlé, àwọn ọmọ á sì wà nínú yàrá wọn lónìí. Mo tún mọ̀ pé Nùrú á wà sídìí ògiri, Màmá á sì wà lórí àga níwájú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tèmi mọ́gbọ́n dání, tirẹ̀ jẹ́ òtítọ́, àwọn ọmọ ló sì ń jókòó láàárín òòlù. Kò sí bí mo ṣe wọ̀n ọ́n tí ìbínú mi fi rọlẹ̀.

Láìpẹ́ yìí, Alhaji ránṣẹ́ pè mí. Ẹgbẹ́ fẹ́ ṣe àjọ̀dún, wọ́n fẹ́ ìwé ìtàn kékeré kan. “Kọ́pà, bá mi bẹ Màmá. Kò sí ẹlòmíràn tó lè kọ ìtàn wa ní Yorùbá tó jinlẹ̀ ní Enugu yìí.” Mi ò mọ̀ bóyá kí n rẹ́rìn-ín ni tàbí kí n dìde kúrò níwájú rẹ̀. Àlejò tí kò yẹ lẹ́ni tí à ń tò sí lẹ́yìn ni wọ́n ń wá kó wá sọ ẹni tí wọ́n jẹ́ fún wọn.

Màmá kọ ọ́. Ó kọ nípa àwọn tó kọ́ gbọ̀ngàn náà. Ó kọ ọ́ pé Alhaji Làmídì kì í jẹ́ kí ebi pa àgùnbánirọ̀ tó bá ń ṣàìsàn. Ó sì kọ nípa ọjọ́ ìdìbò. Ìṣojú mi ni Alhaji ti kà á, ní ìsọ̀ rẹ̀ ní Ọjà Kenyatta, Màmá jókòó síwájú rẹ̀. Nígbà tó dé ibì kan, ọwọ́ rẹ̀ dúró.

“Màmá, ó dára. Ó dára gan-an ni. Ẹ kàn bá wa yọ ibi ògiri yẹn.”

“Ṣé irọ́ wà níbẹ̀ ni?”

“Mi ò ní irọ́ ni. Mo ní kẹ́ ẹ yọ ọ́.”

“Alhaji, ẹ kọ tiyín.”

Alhaji ò tíì kọ tirẹ̀. Inú fíríìjì Nùrú ni ìtàn Màmá wà ní Artisan Market, láàárín ìwé àwọn ọmọ. Àyè kan ṣófo nínú rẹ̀, níbi tó yẹ kí iye àwa tí a wà sídìí ògiri wà. Màmá bi mí, torí ìṣirò ni mo kà. Mo ní mi ò kà wá, inú ìlà ni mo wà. Ó bi Nùrú, òun náà ò mọ̀. A fi àyè náà sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Orí àga ni àwọn tó yẹ kó kà wá wà lọ́jọ́ yẹn, ọ̀dọ̀ wa ni wọ́n kọjú sí, wọ́n mọ iye wa.